Kọ́mà kì í ṣe ibi èémí: èsì lórí “àmì ìdánudúró díẹ̀”

Ẹ̀yin ará, mo kí yín o. Ọ̀rọ̀ kọ́mà tó wà nílẹ̀ ni mo fẹ́ dá sí. Àbúrò wa obìnrin tó ń kọ ìwé àṣekágbá rẹ̀ ní yunifásítì bi wá bóyá ó yẹ kí kọ́mà wà ṣáájú “and” bí èèyàn bá ń to nǹkan lẹ́sẹẹsẹ lédè Gẹ̀ẹ́sì. Ẹ̀gbọ́n wa tó jẹ́ olùkọ́ dáhùn pé ibi tí ẹni tó ń kàwé bá ti mí ni kọ́mà ń wà, pé ìdí nìyẹn tí a fi ń pè é ní àmì ìdánudúró díẹ̀, àti pé a ò nílò orúkọ mìíràn fún un. Ẹ̀gbọ́n, ẹ má bínú, ẹnu wa ò kò lórí èyí. Orúkọ yẹn gan-an ló ń ṣi àwọn ọmọ lọ́nà.

Ẹ wo irú gbólóhùn tó wọ́pọ̀ nínú lẹ́tà àwọn èèyàn wa: “The man who sold the land to my father, is my uncle.” Ẹni tó kọ ọ́ kì í ṣe òpè. Ó kà á sókè, ó gùn lẹ́nu rẹ̀, èémí ń tán lọ kó tó dé “is”, ló bá fi kọ́mà síbẹ̀ bí wọ́n ṣe kọ́ ọ. Àṣìṣe sì ni. Láti “The man” títí dé “father”, olùwà kan náà ni. Kọ́mà ẹyọ kan ò gbọdọ̀ bọ́ sáàárín òun àti ọ̀rọ̀-ìṣe rẹ̀, èèyàn ìbáà mí níbẹ̀ lẹ́ẹ̀mẹta.

Ẹ wá fi ìwọ̀nyí wéra: “My brother who lives in London is a doctor” àti “My brother, who lives in London, is a doctor.” Èèyàn lè ka méjèèjì láì dúró rárá, ìtumọ̀ wọn ò sì dọ́gba. Ẹni tó sọ ti àkọ́kọ́ ní ju arákùnrin kan lọ, ó ń tọ́ka sí ti Lọ́ńdọ́nù láàárín wọn. Ẹni tó sọ ti ìkejì, ọ̀kan ṣoṣo ló ní, ibùgbé rẹ̀ ló kàn fi ṣe àlàyé. Àwa kì í fi àmì ya irú èyí, ọ̀rọ̀ la fi ń yà á: “èyí tó wà ní Lọ́ńdọ́nù nínú àwọn ẹ̀gbọ́n mi.” Bóyá ìyẹn ló jẹ́ ká máa fojú kékeré wo kọ́mà.

Ní ti ìbéèrè àbúrò wa, ẹjọ́ kan wà tó kọjá ọ̀rọ̀ eré. Ní ìpínlẹ̀ Maine ní Amẹ́ríkà, ẹni tó bá ṣiṣẹ́ kọjá 40 wákàtí lọ́sẹ̀ gbọ́dọ̀ gba owó wákàtí kan àti ààbọ̀ lórí wákàtí kọ̀ọ̀kan tó lé. Ṣùgbọ́n òfin yọ àwọn iṣẹ́ kan sílẹ̀ tó jẹ mọ́ irè oko, ẹran, ẹja àti oúnjẹ tó ń tètè bàjẹ́. Bí wọ́n ṣe kọ ọ́ nìyí: “The canning, processing, preserving, freezing, drying, marketing, storing, packing for shipment or distribution of.” Kò sí kọ́mà lẹ́yìn “shipment”. Àwọn awakọ̀ tó ń gbé wàrà kiri fún Oakhurst Dairy ní ìlú Portland pe ilé iṣẹ́ náà lẹ́jọ́ lórí owó wákàtí tó lé yìí. Wọ́n ní “packing” ni iṣẹ́ tó gbẹ̀yìn níbẹ̀, ìyẹn dídi ẹrù, ì báà jẹ́ ẹrù tí wọ́n fẹ́ fi ránṣẹ́ tàbí èyí tí wọ́n fẹ́ pín. Àwọn ò di ẹrù, ọkọ̀ làwọn ń wà. Ilé iṣẹ́ fèsì pé “distribution”, ìyẹn pínpín ọjà, dá dúró gẹ́gẹ́ bí iṣẹ́ tirẹ̀, pé ìwé ìtọ́ni àwọn tó ń kọ òfin ní Maine fúnra rẹ̀ ló ní kí wọ́n má fi kọ́mà síbẹ̀. Àwọn awakọ̀ ní ó dáa, kí ló dé tí gbogbo iṣẹ́ yòókù fi parí sí “-ing”, tí “distribution” nìkan ò sì ṣe bẹ́ẹ̀? (Ìbéèrè yìí ni mo fẹ́ràn jù nínú gbogbo rẹ̀.)

Ilé-ẹjọ́ àkọ́kọ́ dá ilé iṣẹ́ láre. Ní oṣù kẹta ọdún 2017, ilé-ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn ní Boston yí i padà. Adájọ́ David Barron ló kọ ìdájọ́ náà: òfin yẹn ṣeé túmọ̀ sọ́nà méjì, níbi tó bá sì ti rí bẹ́ẹ̀, ọ̀nà tó gbe òṣìṣẹ́ ni kí wọ́n tẹ̀ lé. Lọ́dún 2018, ilé iṣẹ́ gbà láti san mílíọ̀nù 5 dọ́là. Àwọn aṣòfin Maine tún òfin kọ, wọ́n fi sẹmikólọ́ọ̀nù (;) ya iṣẹ́ kọ̀ọ̀kan, wọ́n sì sọ “distribution” di “distributing”. Nínú gbogbo àríyànjiyàn wọn, ibi tí iṣẹ́ kan parí sí tí òmíràn ti bẹ̀rẹ̀ ni wọ́n ń wá, kò sẹ́ni tó mẹ́nu kan èémí.

Nítorí náà, àbúrò mi, méjèèjì ló tọ̀nà. Ilé ìtẹ̀wé Yunifásítì Oxford ń fi kọ́mà síbẹ̀, ọ̀pọ̀ ìwé ìròyìn ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì kì í fi í. Èyí tí ẹ̀ka yín bá ń lò ni kí o lò, kí o sì lò ó jálẹ̀. Ṣùgbọ́n níbi tí àìsí rẹ̀ bá lè da ọ̀rọ̀ rú, fi síbẹ̀.

Ẹ̀gbọ́n wa ò ṣàì ní ẹ̀rí o. Aristophanes ará Byzantium, tó jẹ́ olùtọ́jú ilé ìkàwé ní Alexandria ní nǹkan bí 200 ọdún ṣáájú ìbí Kristi, ń fi àmì tóótòòtó sára ìwé kí ẹni tó ń kà á sókè lè mọ ibi tí yóò ti sinmi. Àmọ́ ohun tí “kómma” fúnra rẹ̀ túmọ̀ sí lédè Gíríìkì ni ègé, ohun tí a gé kúrò lára òmíràn.

Àmì ìpààlà ni mo dá lábàá pé ká máa pe kọ́mà. Ibi tí oko bá ti pín là ń gbin pẹ̀rẹ́gún sí, kì í ṣe ibi tó bá ti rẹ olóko. Bí ẹnìkan bá ní àmì tó ń parí gbólóhùn náà ń pààlà, òótọ́ ni, ṣùgbọ́n ìyẹn lè máa jẹ́ ìdánudúró rẹ̀ lọ, torí níbẹ̀ lẹnu ti ń dúró lóòótọ́. Sẹmikólọ́ọ̀nù ni mi ò tíì rí orúkọ tó tẹ́ mi lọ́rùn fún. “Ìpààlà olókè” wá sí mi lọ́kàn nítorí àmì tó wà lórí rẹ̀, ṣùgbọ́n ó ń dún bí orúkọ àdúgbò. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń kọ́ àwọn ọmọ girama, kí lẹ̀ ń pè é ní kíláàsì?