Ẹ bá mi wò ó: ṣé scarlet oak ni igi ẹ̀yìnkùlé wa, àbí pin oak?

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin tí ẹ mọ igi dáadáa. Maryland ni mò ń gbé, igi óákù ńlá kan sì wà lẹ́yìnkùlé wa. Aládùúgbò wa ní scarlet oak ni, irú èyí tí Washington, D.C. fi ṣe igi àmì ìlú wọn. Ẹni tó ń bá wa gé koríko ní irọ́ ni, pé pin oak ni.

Ewé rẹ̀ ya sí ìka méje, orí ìka kọ̀ọ̀kan sì ní irun ṣóṣóró. Àlàfo àárín wọn jìn wọnú, ó rí roboto bíi lẹ́tà C. Tí October bá ń parí lọ, gbogbo igi á pupa fòò. (Èmi tí mo dàgbà sí Ìbàdàn, mo kọ́kọ́ rò pé ó ń kú lọ ni!) Ilẹ̀ ibẹ̀ gbẹ, omi kì í dúró níbẹ̀, bẹ́ẹ̀ mo gbọ́ pé pin oak fẹ́ràn ilẹ̀ olómi.

Èso rẹ̀ ló dà mí lójú rú. Ó tóbi, fìlà orí rẹ̀ bò ó dé nǹkan bí ìdajì, ìyẹn bá scarlet oak mu. Ṣùgbọ́n wọ́n ní ó yẹ kí òrùka tín-ínrín yí ṣóńṣó rẹ̀ ká, díẹ̀ péré ni mo sì rí i lára rẹ̀. Ṣé dandan ni kí gbogbo èso ní in?

Ẹ̀ka ìsàlẹ̀ tún ti gbẹ, kò já bọ́. Ṣé àìsàn ni, àbí bó ṣe máa ń ṣe nìyẹn? Ṣé kí n dúró di ìgbà òtútù kí n tó ní kí wọ́n gé e?