Ìjọba gba ilẹ̀ yín, kí ni wọ́n san fún yín? Ẹ wá sọ tiyín

Ẹ jẹ́ kí n bẹ̀rẹ̀. Oko kòkó bàbá wa ni ọ̀nà tuntun gbà kọjá, mi ò ní dárúkọ ìpínlẹ̀ torí ẹjọ́ ọ̀hún ò tíì tán pátápátá. Bá a ṣe kọ́kọ́ mọ̀ pé ilẹ̀ ti lọ ni pé àwọn ọmọkùnrin kan ya wọ oko pẹ̀lú garawa ọ̀dà pupa, wọ́n ń fi búrọ́ọ̀ṣì kan ọ̀dà mọ́ ara igi kọ̀ọ̀kan kí wọ́n má baà kà á lẹ́ẹ̀mejì, ẹnì kan ń kọ ọ́ sínú fọ́ọ̀mù. Igi tó ti ń so nìkan ni wọ́n ń kà o! Àwọn ọmọ kòkó tí ẹ̀gbọ́n mi ṣẹ̀ṣẹ̀ lọ́ sábẹ́ ọ̀gẹ̀dẹ̀, ṣe ni wọ́n ń tẹ̀ wọ́n kọjá. Màmá bi wọ́n pé àwọn wọ̀nyí ńkọ́, wọ́n ní "Màmá, ẹ jẹ́ ká ráyè ṣiṣẹ́ wa jàre." Wọ́n wá ní kí màmá tẹ̀ka, ẹ̀gbọ́n mi kọ̀ jálẹ̀, ó kọ ọ́ sísàlẹ̀ fọ́ọ̀mù pé wọn ò kà á tán, ó sì fi fóònù ya gbogbo oko.

Nígbà tí owó gbà-má-bínú máa jáde, iye tí wọ́n kọ síwájú igi kòkó kan ò tó owó kílò kòkó gbígbẹ kan. Ilẹ̀ fúnra ẹ̀? Òdo. La bá wá lọ́yà.

Lọ́yà ní òfin ilẹ̀ 1978, ìyẹn Land Use Act, abala 29, ohun tó wà lórí ilẹ̀ ni ìjọba ń san owó ẹ̀, ilé, irè oko, kànga àti bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀ lọ, ti ilẹ̀ fúnra ẹ̀, owó ilẹ̀ tó o san fún ìjọba lọ́dún tí wọ́n gbà á ni wọ́n á dá padà fún ẹ. Ìdílé tó jogún ilẹ̀ tí ò san kọ́bọ̀ fún ìjọba rí ńkọ́? Ẹ ti mọ èsì.

A dé kóòtù, lọ́yà ìjọba gbé abala 47 òfin yẹn jáde pé kóòtù ò lẹ́nu nínú bóyá owó tó àbí kò tó. Tiwa ṣí ìwé òfin orílẹ̀-èdè ti 1999, abala 44, pé kí wọ́n sanwó kíákíá, kí ẹni tí wọ́n gba nǹkan ẹ̀ sì lè lọ kóòtù lórí iye owó. Wọ́n fà á, wọ́n fà á, wọ́n ń sún ẹjọ́ síwájú, adájọ́ àkọ́kọ́ gba tránsífà, a tún bẹ̀rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀, náírà sì ń já wálẹ̀ ní gbogbo àsìkò yẹn.

Ohun tó yí ẹjọ́ padà ni nótíìsì. Ògiri ìjọba ìbílẹ̀ ni wọ́n lẹ̀ ẹ́ mọ́, bẹ́ẹ̀ òfin ní kí wọ́n mú un wá bá ẹni tó ni ín tàbí kí wọ́n fi í sílé ẹ̀, bí kò bá wá ṣeé ṣe, kí wọ́n lẹ̀ ẹ́ mórí ilẹ̀ yẹn gan-an. Adájọ́ béèrè pé ta ló gbà á lọ́wọ́ yín, lọ́yà ìjọba bẹ̀rẹ̀ sí í ṣí fáìlì síwá sẹ́yìn, kò rí nǹkan kan fi hàn. Lẹ́yìn ìyẹn ni wọ́n ní ká yanjú ẹ̀ láàárín ara wa. Wọ́n tún oko kà látinú fọ́tò ẹ̀gbọ́n mi, àwọn ọmọ kòkó wọlé, ilẹ̀ ò wọlé. Owó ti jáde lápá kan, a ṣì ń retí ìyókù.

*

Ẹ kú ìrọ́jú o. Tiwa burú jù bẹ́ẹ̀, torí kì í ṣe ìjọba ni mo pè lẹ́jọ́, àbúrò bàbá mi ni. Òfin yẹn náà ló gbà kí wọ́n kó owó ilẹ̀ àjọni fún olórí, kó wá ná an fún àǹfààní gbogbo wa. Olórí gbà á, a ò rí i, ọkọ̀ tuntun la rí. Ẹ sọ orúkọ gbogbo yín sínú ìwé kí wọ́n tó kọ ṣẹ́ẹ̀kì o.

*

Ilé ni tèmi. Wọ́n ṣírò iye tí wọ́n á fi kọ́ irú ẹ̀, wọ́n wá yọ owó pé ilé ti gbó kúrò níbẹ̀. Ilé tí mò ń gbé! Púlọ́ọ̀tì tó ṣófo lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀, rìsíìtì ọmọ onílẹ̀ ni mo ní, wọn ò tiẹ̀ wojú ẹ̀. Ẹni tó ní C of O, ìyẹn ìwé ẹ̀rí ilẹ̀ látọ̀dọ̀ ìjọba, níbí ńkọ́, ṣé wọ́n ṣe yín dáadáa?