Ọmọ jẹ́jẹ́ ni wọ́n ń pè mí

Ẹ kú ìjókòó o, ẹ̀yin ará. Àtàárọ̀ ni mo ti ń ka ìrírí yín níbí nípa bí ẹ ṣe borí ìbẹ̀rù. Ti ẹni tó sọ bí ara ṣe ń gbọ̀n ọ́n kó tó lè dìde sọ̀rọ̀ láàárín èrò ló tì mí tí mo fi fẹ́ sọ tèmi. Ọjà obì ni tèmi ti ṣẹlẹ̀, ní Sábó, àdúgbò àwọn Hausa ní Ṣàgámù, ìlú tí wọ́n bí mi sí.

Láti kékeré ni wọ́n ti ń yìn mí pé ọmọ jẹ́jẹ́ ni mí. Mi ò kì í jà, mi ò kì í pariwo, bí wọ́n bá rẹ́ mi jẹ, màá gba èyí tí wọ́n bá jù sí mi, màá sì dúpẹ́. Ìyá mi a máa fi mí yangàn láàárín àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ní ṣọ́ọ̀ṣì. Kò sẹ́ni tó bi mí rí pé ìgbà wo ni jẹ́jẹ́ ọ̀hún bẹ̀rẹ̀.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ wà ní Rẹ́mọ ní July 1999 á rántí. Ìjà bẹ́ sílẹ̀ láàárín àwa Yorùbá àtàwọn Hausa ní Ṣàgámù lásìkò Orò. Ẹ̀mí ṣòfò níhà méjèèjì, ilé jóná, ọ̀rọ̀ náà sì ràn dé Kano. Mi ò fẹ́ tú ìyẹn palẹ̀ níbí, torí ẹni tó bá ṣòfò ló lè sọ ọ́. Ọmọ kékeré ni mí nígbà yẹn. Ọwọ́ ìyá mi ni mo rántí jù: ó fi bò mí lẹ́nu nínú yàrá tá a sá sí, ọwọ́ náà ń rùn àlùbọ́sà, ó ń sọ sí mi létí pé, "Má fọhùn, má fọhùn." Mi ò fọhùn. Ká sòótọ́, mi ò fọhùn mọ́ títí mo fi lé ní ọmọ ọgbọ̀n ọdún. Sábó sì di èèwọ̀ fún mi. Bí mo bá fẹ́ gba ibẹ̀ kọjá, ọ̀nà ẹ̀yìn ni màá gbà, ì báà jìn tó Ìkẹ́nnẹ́.

Mo kàwé, mo di tíṣà ní ilé ẹ̀kọ́ aládàáni kan. Ọ̀gá wa máa ń ṣàròyé pé ohùn mi ò dé ẹ̀yìn kíláàsì. Ìgbà tí Kòrónà dé ní 2020, tí ìjọba ní kónílé-ó-gbélé ní Ògùn, Èkó àti Abuja, owó oṣù dá. Ọkọ mi ń wa bọ́ọ̀sì, ọ̀nà sì ti dí. A ta maṣíìnì ìránṣọ, a ta fíríìjì, a jẹ gàárì lówùúrọ̀, a tún mu ún lálẹ́. Nígbà tí ilé ìwé ṣí padà, wọ́n ní àwọn á pe àwọn tí àwọn bá nílò. Wọn ò tíì pè mí.

Àbúrò ìyá mi kan ń ṣòwò obì. Ìyá Olóbì ni gbogbo àdúgbò ń pè é. Ó wọlé wá bá mi lọ́jọ́ kan ní October, ó wo ìkòkò, ó wo ojú ọmọ mi, ó ní, "Ebi kì í wọnú kọ́rọ̀ míì wọ̀ ọ́. Obì ti jáde. Ó di Sábó lọ́la."

Ẹ̀yin tẹ́ ò mọ obì, ẹ jẹ́ kí n sọ díẹ̀. Gbànja ni wọ́n ń kó lọ sí Òkè Ọya, èyí tó ní awẹ́ méjì péré. Àbàtà tó ní awẹ́ mẹ́ta sókè la máa ń lò jù fún ìkómọ àti ìyàwó. Bí wọ́n bá ti fọ́ èpo rẹ̀, ara ọmọ obì ṣì ní awọ funfun kan tó ń yọ̀. A máa ń rẹ ẹ́ sómi kí awọ náà lè rọ̀, ká wá fi àtàǹpàkò bó o. Omi á dúdú, ìka á pọ́n bíi ti ẹni tó lé làálì. Lẹ́yìn náà la ó ṣà á: ńlá lọ́tọ̀, kékeré lọ́tọ̀, pupa lọ́tọ̀, funfun lọ́tọ̀, torí funfun ló gbówó lórí jù. Èyí tí kòkòrò bá ti wọ̀, àfi kó kúrò láàárín wọn kíá, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ apẹ̀rẹ̀ odindi á ṣòfò.

Lọ́jọ́ àkọ́kọ́, táyà lọ́rì kan bẹ́. Kí n tó mọ̀, mo ti wà lábẹ́ tapólì, àyà mi ń lù kìkì, mo sì ti fọwọ́ ara mi bo ẹnu mi. Ìyá Olóbì ò gbé mi mọ́ra, kò bẹ̀ mí. Ó ní, "Ṣé obì á dúró dè ẹ́ ni?" Mo jáde. Ọwọ́ mi gbọ̀n títí di ọ̀sán, mo sì ń bó obì bọ̀ọ̀. Alhaji tó ni ìsọ̀ tó tẹ̀ lé tiwa fi omi tútù ránṣẹ́ sí mi, ó wá ń fi ẹnu Rẹ́mọ tó dán ju tèmi lọ bi mí pé ọmọ ilé ta ni mí. Ṣàgámù ni wọ́n bí òun náà sí.

Nígbà tó yá, mo rí i pé mo lójú obì. Ihò tí kòkòrò ń gbà wọlé kéré débi pé ẹlòmíì ò ní rí i, èmi á ti rí i kí n tó gbé e sókè. Àwọn onísọ̀ míì bẹ̀rẹ̀ sí í pè mí pé kí n wá bá àwọn wo tiwọn.

Ọjọ́ tí ohùn mi jáde, ibà ló dá Ìyá Olóbì dùbúlẹ̀, èmi nìkan ni mo wà nídìí ọjà. Oníbàárà kan wá, ó da obì funfun wa lójú rú, ó ní kòkòrò ti jẹ ẹ́, iye tó sì dá lé e, ìwọ̀sí ni. Ẹ̀ẹ̀kan náà ni mo gbọ́ ariwo: "Kòkòrò dà? Ẹ fi hàn mí! Ẹ ò ní kúrò níbí láìfi hàn mí!" Gbogbo ìlà yẹn yíjú. Èmi náà yíjú, mo fẹ́ mọ ẹni tó ń pariwo. Mo mú ọ̀kan nínú obì náà, mo là á níwájú rẹ̀, mo ju awẹ́ kan sẹ́nu, mo na èkejì sí i. Ó jẹ ẹ́, ó rẹ́rìn-ín, ó sanwó. Alhaji ń pàtẹ́wọ́ láti ìsọ̀ rẹ̀. Inú mi dùn débi pé ẹsẹ̀ ni mo fi rìn délé, mo ń dá nìkan rojọ́ lójú títì, mo tún ń dá ara mi lóhùn.

Mo ti ní ìsọ̀ tèmi báyìí. Ariwo òjijì ṣì máa ń mú ọwọ́ mi tutù, mi ò purọ́, àmọ́ mi ò wọ abẹ́ tapólì mọ́. Ìyá mi ń gba owó tí mo ń fún un, ó ń ṣàdúrà sí i, kò sì yé béèrè pé ìgbà wo ni màá padà sídìí iṣẹ́ tíṣà tó níyì. Kò tíì wá sí Sábó wò mí. Mi ò ní í fipá mú un.

Ẹni tó béèrè lánàá bóyá kóun kọ̀wé fiṣẹ́ sílẹ̀ lọ wá ayọ̀ kiri, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má gbọ́ ọ lẹ́nu mi. Èmi ò fi iṣẹ́ sílẹ̀, iṣẹ́ ló fi mí sílẹ̀. Ebi ò sì dùn.

Ọkọ mi ní ohùn mi ti pọ̀ jù nínú ilé báyìí. Ẹ̀rín ló fi sọ ọ́, ṣùgbọ́n mo mọ̀ pé ó dùn ún díẹ̀. Jẹ́jẹ́ ló fẹ́ mi.