Ìpè oníṣòwò tí a kò fẹ́: ohun tó ń dá a dúró gan-an

Ọ̀pọ̀ èèyàn ń ráhùn pé 2442, nọ́ńbà tí à ń fi àtẹ̀jíṣẹ́ ránṣẹ́ sí láti dí ìpè àti àtẹ̀jíṣẹ́ ìpolówó ní Nàìjíríà, kò ṣiṣẹ́. Kí ẹ tó sọ bẹ́ẹ̀, ẹ wo nọ́ńbà tó pè yín dáadáa. Ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ èèyàn ti ń ṣì í. Ìpè tàbí àtẹ̀jíṣẹ́ tó bá ti orí nọ́ńbà kúkúrú wá, tàbí tó jẹ́ orúkọ ilé iṣẹ́ ló hàn dípò nọ́ńbà, ọ̀dọ̀ nẹ́tíwọọ̀kì ló gbà kọjá, nẹ́tíwọọ̀kì ló sì lè dí i. Bó bá jẹ́ nọ́ńbà onídíjíìtì 11 bíi tèmi tìrẹ, 2442 kò lè rí i mú.

Láti ọdún 2016 ni NCC, àjọ tó ń ṣàkóso ètò ìbánisọ̀rọ̀ ní Nàìjíríà, ti mú kí gbogbo nẹ́tíwọọ̀kì máa lo 2442. Ẹ kọ STOP, ẹ fi ránṣẹ́ síbẹ̀, wọ́n á ti gbogbo rẹ̀ pa. Èmi kì í gba èèyàn nímọ̀ràn pé kí ó sáré lọ síbi STOP o. Ìkéde ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù, ti ìjọ, ti iléèwé ọmọ, tí wọ́n ń fi ránṣẹ́ sí ọgọ́rọ̀ọ̀rún èèyàn lẹ́ẹ̀kan náà, lè má wọlé mọ́. HELP ni kí ẹ fi ránṣẹ́. Wọ́n á to ẹ̀ka sílẹ̀: 1 fún báńkì àti adójútòfò, 2 fún ilé àti ilẹ̀, 3 fún ẹ̀kọ́, 4 fún ìlera, títí dé 9 tó jẹ́ ti ẹ̀sìn. Èyí tí ẹ bá mú nìkan ni wọ́n á fi sílẹ̀ fún yín. Bí fóònù yín bá gba síìmù méjì, ẹ ṣe é lórí ìkọ̀ọ̀kan, torí síìmù tí ẹ fi ránṣẹ́ nìkan ló kàn.

* * *

Ẹ kú àlàyé, ẹ̀gbọ́n. Èyí tó ń jẹ owó ni kí n fi kún un. Ìpè ẹlẹ́rọ kan máa ń wọlé, orin á máa dún, ohùn á ní kí o tẹ nọ́ńbà kan bí o bá fẹ́ orin náà. Tàbí kí àpótí kékeré yọ sójú fóònù níbi tí o ti ń tẹ nǹkan mìíràn, OK lápá kan, Cancel lápá kejì. Ìka kan OK, ó parí: wọ́n ti forúkọ rẹ sílẹ̀, wọ́n á sì máa yọ owó. 2442 kọ́ ló ń tú ìyẹn. 305 ni kóòdù ìdádúró lórí gbogbo nẹ́tíwọọ̀kì. Bí wọ́n bá tún yọ owó lẹ́yìn rẹ̀, ẹ pe 300, ìlà ìtọ́jú oníbàárà nẹ́tíwọọ̀kì yín, ẹ sọ ọjọ́ àti iye tí wọ́n yọ, kí ẹ sì gba nọ́ńbà ẹ̀sùn yín sílẹ̀. Ẹ má gbé fóònù kalẹ̀ láìgbà á. NCC ń gba ìpè ọ̀fẹ́ lórí 622, ṣùgbọ́n ohun àkọ́kọ́ tí wọ́n á bi yín ni bóyá ẹ ti fẹjọ́ sun nẹ́tíwọọ̀kì.

* * *

Ti nọ́ńbà onídíjíìtì 11 wá ńkọ́? Òfin ló kù níbẹ̀. Òfin ààbò dátà Nàìjíríà ti ọdún 2023 fún wa lẹ́tọ̀ọ́ láti kọ ìpolówó ọjà nígbàkígbà, ẹni tó ń pè sì gbọ́dọ̀ dẹ́kun. Ẹ béèrè orúkọ ilé iṣẹ́ rẹ̀ àti ibi tó ti rí nọ́ńbà yín kó tó di pé ẹ bínú, torí bí ẹ bá ti bú u, á já ìpè. Lẹ́yìn náà ẹ kọ ímeèlì sí ilé iṣẹ́ náà pé kí wọ́n yọ nọ́ńbà yín kúrò. Ọ̀rọ̀ ẹnu ò ṣeé mú lọ síbì kan. Bí wọ́n bá ṣì ń pè, NDPC, àjọ ààbò dátà Nàìjíríà, ni ẹ ó gbé e lọ bá.

Àwọn ayánilówó orí áàpù ló burú jù, tí wọ́n ń pe ẹni tí kò yá kọ́bọ̀. Ẹni tí kò bá ṣe onídùúró kò jẹ gbèsè ẹlòmíràn, ẹ má san nǹkan kan. Ẹni tó yáwó ló tẹ Allow nígbà tí áàpù béèrè fún àwọn nọ́ńbà inú fóònù rẹ̀. Google ti fòfin de ìyẹn fún áàpù ayánilówó ní 2023, àmọ́ èyí tí wọ́n fi líǹkì gbé wọlé láìgba Play Store kò sí lábẹ́ òfin náà. Bí ẹni tó yáwó bá tiẹ̀ padà gba ìyọ̀ǹda náà lọ́wọ́ áàpù, nọ́ńbà tí wọ́n ti dà kọ ti lọ nìyẹn. Ẹ ya àwòrán àtẹ̀jíṣẹ́ wọn àti àkọsílẹ̀ ìpè tí aago hàn lórí rẹ̀, ẹ fi ránṣẹ́ sí FCCPC, àjọ tó ń dáàbò bo oníbàárà ní Nàìjíríà. Ẹ̀yìn ìyẹn ni kí ẹ tó dí nọ́ńbà náà.

* * *

Fún àwa tá a wà ní Britain, TPS ni àkọsílẹ̀ nọ́ńbà àwọn tí kò fẹ́ ìpè oníṣòwò: ẹ kọ TPS, ẹ fi àlàfo kan sí i, ẹ kọ ímeèlì yín, ẹ fi ránṣẹ́ sí 85095. Ọ̀fẹ́ ni. Ó máa ń tó ọjọ́ 28 kó tó múlẹ̀ pátápátá, nítorí náà ẹ má tíì fẹjọ́ sun ICO, àjọ ààbò dátà ti Britain, lọ́sẹ̀ àkọ́kọ́.