Mark of the Ninja: ẹ gbà mí lọ́wọ́ ògiri yìí

Ìbéèrè:
Ẹ kú ilé o. Géèmù Mark of the Ninja, èyí tí wọ́n tún ṣe ní 2018, ni mò ń gbá, ọgbọ́n inú rẹ̀ sì wú mi lórí gan-an. Bí nínjà tí mò ń darí bá sáré, ìró ẹsẹ̀ rẹ̀ á hàn sójú bí òbìrìkìtì, á máa fẹ̀ bí omi tí wọ́n sọ òkúta sí. Bó bá wọ òkùnkùn, á dúdú pátá, ìlà pupa nìkan ló máa kù lára ẹ̀. Àmọ́ ògiri ń pa mí! Mo fẹ́ kó fò kọjá igun, ó lẹ̀ mọ́ ọn bí ọmọọ́lé. Lálẹ́ àná, ẹ̀ẹ̀mẹfà ni ẹ̀ṣọ́ kan náà yìnbọn pa mí lábẹ́ iná kan ṣoṣo. Kí lẹ̀ ń ṣe sí i?

Èsì:
Àbúrò, pẹ̀lẹ́. Kọ́kọ́ fọ́ iná yẹn. Bí o bá ń fojú sun nǹkan, gbogbo ayé inú géèmù á dúró jẹ́ẹ́, má kánjú.

Èsì:
Èmi ò bá ògiri jà rí o. So òkú kan rọ̀ láti òkè, kí o wo bí ẹ̀ṣọ́ kejì ṣe máa gbọ̀n, á máa yìnbọn kiri, títí kan ẹlẹgbẹ́ rẹ̀. New Game Plus, ìyẹn títún géèmù náà gbá lẹ́yìn tí o bá ti parí ẹ̀, tó sì máa ń le jù, ló bí mi nínú: òbìrìkìtì ìró ti lọ, iwájú rẹ nìkan lo sì lè rí.

Ẹni tó béèrè:
Ẹ ṣé, ẹ̀yin ẹ̀gbọ́n. Mo fọ́ iná náà, mo kọjá! Ó tún wá lẹ̀ mọ́ àjà lẹ́yìn ìyẹn.