Èsì lórí "yírùnyírùn alámì pupa", àti àbá tèmi

Ẹ̀yin ará ilé, mo kí yín o. Ẹ̀gbọ́n wa ti Ìperu, ẹ kú làákàyè. Ìyá wa nọ́ọ̀sì ní Ìkẹ́nnẹ́, ẹ kú ìtọ́jú àwọn ọmọ.

Fún ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ dé: Ìyá wa ń múra ọ̀rọ̀ tí wọ́n fẹ́ bá àwọn abiyamọ sọ, pàápàá àwọn tí ọmọ wọn ní fòníkú-fọ̀ladìde, wọ́n wá béèrè ohun tí a lè pe àìsàn kan ní Yorùbá. Bakitéríà ló ń wọ inú ẹ̀jẹ̀, tí á pọ̀ níbẹ̀ kíákíá, tí ẹ̀jẹ̀ á sì ya bo ẹ̀yà ara kékeré méjì tó jókòó lórí kíndìnrín. Bí àwọn méjèèjì bá bàjẹ́, ẹni náà lè kú kí wákàtí 24 tó pé. Orúkọ dókítà méjì ni àwọn oníṣègùn fi ń pè é: Rupert Waterhouse, ará Ìlú Ọba, tó kọ nípa rẹ̀ lọ́dún 1911, àti Carl Friderichsen, ará Denmark, tó kọ tirẹ̀ lọ́dún 1918. Ẹnì kan ní kí á kúkú máa pe orúkọ wọn bẹ́ẹ̀. N kò ní pẹ́ lórí ìyẹn. Orúkọ wọn kò lè sọ fún ìyá ọmọ ní Ìjẹ̀bú-Igbó pé kó gbé ọmọ rẹ̀ sáré.

Àbá Ẹ̀gbọ́n Ìperu ni ọ̀pọ̀ yín fọwọ́ sí: "yírùnyírùn alámì pupa". Mo mọ ìdí tó fi dùn létí. Àwọn tó sọ àìsàn kan ní yírùnyírùn, tàbí lọ́rùnlọ́rùn, wo aláìsàn, wọ́n rí ọrùn tó gan tó sì yí sẹ́yìn, wọ́n fi ohun tí ojú rí sọ ọ́ lórúkọ. Ìbátan náà kì í sì í ṣe irọ́, torí méníńgókọ́kọ́ọ̀sì, bakitéríà tó ń fa yírùnyírùn tó ń jà bí àjàkálẹ̀, ló sábà máa ń fa àìsàn tí à ń wá orúkọ fún yìí náà.

Síbẹ̀ n kò lè fọwọ́ sí i, ẹ̀mí ọmọ ni mo sì ń rò. Nígbà tí bakitéríà yìí bá ya inú ẹ̀jẹ̀ lọ, ó lè má dé awọ tó bo ọpọlọ, ibi tí yírùnyírùn ti ń jà, rárá. Ọrùn ọmọ á rọ̀, á ṣeé tẹ̀ síwájú títí àgbọ̀n á fi kan àyà. Ìyá tó ti gbọ́ "yírùnyírùn" lẹ́nu nọ́ọ̀sì á dán ọrùn wò, á rí i pé kò gan, ọkàn rẹ̀ á balẹ̀, á lọ ra oògùn ibà. Inú wákàtí tó fi ń retí kí ibà rọlẹ̀ yẹn ni ọmọ ń lọ. Orúkọ tí a fẹ́ fi gba ọmọ là kò gbọdọ̀ jẹ́ ohun tó fi ìyá rẹ̀ lọ́kàn balẹ̀.

"Àmì pupa" tún ní ìṣòro tirẹ̀. Òótọ́ ni pé ẹ̀jẹ̀ ń jò sábẹ́ awọ, tí á kọ́kọ́ rí tó-tò-tó, tí á sì gbòòrò títí á fi dà bí ojú ibi tí wọ́n ti na ènìyàn. Ṣùgbọ́n aláwọ̀ funfun ni àwọn tó kọ ọ́ ní pupa wò. Lára ọmọ tiwa tó dúdú, àmì náà lè fara pamọ́ pátápátá. Ibi tí ojú ti lè rí i ni àtẹ́lẹwọ́, àtẹ́lẹsẹ̀, inú ìpéǹpéjú àti àjà ẹnu. Bí a bá sì tẹ ara ife gíláàsì mọ́ ọn, kò ní parẹ́ bí ọ̀pọ̀ sísú yòókù ṣe máa ń parẹ́. Ìyá wa, orúkọ yòówù tí a bá fẹnu kò sí, ẹ jọ̀wọ́, ẹ má yọ èyí kúrò nínú ọ̀rọ̀ yín. Ẹni tó ń wá pupa, tí kò rí pupa, á ní èéyi ló fẹ́ yọ.

Ohun kan tún wà tó dùn mí jù nínú àbá yẹn. Létí wa ní Rẹ́mọ àti Ìjẹ̀bú, àìsàn Òkè Ọya ni yírùnyírùn. Mo mọ ohun tó fà á: Zamfara àti Sókótó wà lára ibi tí àjàkálẹ̀ ọdún 2017 ti jà jù, apá àríwá náà ni wọ́n sì kọ́kọ́ gbé àjẹsára tuntun tó ń dènà oríṣi méníńgókọ́kọ́ọ̀sì márùn-ún lọ ní oṣù kẹrin ọdún 2024, nígbà tí Nàìjíríà ṣáájú gbogbo ayé lò ó. Ṣùgbọ́n ọjọ́ ti pẹ́ tí obì ti ń ti Ṣàgámù lọ sí Òkè Ọya, ọ̀nà ọ̀fun ènìyàn tí ara rẹ̀ le koko ni bakitéríà yìí sì ń gbé rìn. Yàtọ̀ sí ìyẹn, òun nìkan kọ́ ló ń fa àìsàn yìí. Nímókọ́kọ́ọ̀sì tó ń fa òtútù àyà lè fà á, àwọn mìíràn náà lè fà á. Ọmọ tó ní fòníkú-fọ̀ladìde, tí ọlọ inú rẹ̀ kò ṣiṣẹ́ mọ́, kò ní ohun tí á fi lé nímókọ́kọ́ọ̀sì kúrò nínú ẹ̀jẹ̀ bó ṣe yẹ. Àwọn ìyá tí Ìyá wa fẹ́ bá sọ̀rọ̀ gan-an nìyẹn, ẹ wá fẹ́ fún wọn ní orúkọ tí wọn á gbọ́ tí wọn á ní "ti Kánò ni".

Àbá mìíràn, "ìdaṣẹ́sílẹ̀ orí-kíndìnrín", tọ̀nà ní ti ibi tí ẹ̀yà náà wà. Àmọ́ bí a bá ti pe kíndìnrín, ohun tí ará ilé á rò ni ẹ̀rọ tó ń fọ ẹ̀jẹ̀ àti owó tí wọn á tọrọ lórí rédíò, ẹlòmíràn á sì gba ọ̀dọ̀ ẹlẹ́wé ọmọ lọ wá àgbo kíndìnrín. (Ẹni tó ní kí á lo "iwe" dípò rẹ̀ mọ̀ pé ti adìẹ ni gbogbo wa á rò.)

Àbúrò wa ní Àgọ́-Ìwòyè dábàá kí á pe ẹ̀yà náà ní "kókó ìjáyà", nítorí adirẹnalíìnì, èròjà tí ẹ̀yà náà ń tú jáde, tó máa ń jẹ́ kí àyà wa já nígbà tí ẹ̀rù bá bà wá. Ó ro ó jinlẹ̀. Ṣùgbọ́n inú ẹ̀yà náà ló ń ṣe adirẹnalíìnì. Èèpo rẹ̀ ló ń ṣe kọ́tísọ́ọ̀lù àti alidositẹróònù, àìsí méjì yìí ló sì ń pa ènìyàn níbí. Alidositẹróònù ló ń di iyọ̀ mú sínú ara kí omi má bàa sá lọ. Kọ́tísọ́ọ̀lù ló ń jẹ́ kí iṣan ẹ̀jẹ̀ dúró le nígbà ìnira, kí ṣúgà inú ẹ̀jẹ̀ má sì lọ sílẹ̀. Bí wọ́n bá tán lójijì, ìfúnpá ẹ̀jẹ̀ á já wálẹ̀, ọwọ́ àti ẹsẹ̀ á tutù. Ìdí nìyí tí dókítà fi ń fún aláìsàn ní háídírókọ́tísóònù tó ń rọ́pò kọ́tísọ́ọ̀lù, àti omi sí iṣan, pẹ̀lú abẹ́rẹ́ tó ń pa bakitéríà bíi séfitiráyásóònù. Iṣẹ́ ẹ̀yà yìí nígbà àìsàn ni kí ara lè fara dà á. Ìfaradà ni mo fẹ́ kí á rí nínú orúkọ rẹ̀.

Ní ti "kókó", Ìyá wa ti sọ pé kókó tí wọn á gé kúrò ni abiyamọ máa ń gbọ́. Mo wá dábàá "ìsun". Ohun tó ń sun jáde láti inú ara ni iṣẹ́ irú ẹ̀yà bẹ́ẹ̀, bí omi ṣe ń sun láti inú ilẹ̀. Ìsun ìfaradà ni méjì orí kíndìnrín. A lè ní ìsun itọ́, a lè ní ìsun wàrà. Àìsàn náà á jẹ́ "àkúnya ẹ̀jẹ̀ nínú ìsun ìfaradà", "àkúnya ìsun" ní kúkúrú. Àìsàn tí dókítà Thomas Addison ṣàpèjúwe lọ́dún 1855, tó máa ń bá ẹ̀yà náà jà díẹ̀díẹ̀, tí ikọ́ ẹ̀gbẹ sì máa ń fà, á jẹ́ "gbígbẹ ìsun". A nílò méjèèjì, nítorí ẹni tó bọ́ lọ́wọ́ àkúnya lè bá gbígbẹ pàdé, kó máa lo oògùn lójoojúmọ́ ayé rẹ̀.

Ẹ má sọ pé ó gùn o. Fòníkú-fọ̀ladìde gùn, kò sì sí ìyá tí kò lè pè é.

Ẹ̀gbọ́n mi, bí yírùnyírùn bá ṣì wù yín, ọ̀rọ̀ ọrùn tó rọ̀ yẹn ni kí ẹ fèsì sí. Ìyá wa, kí ẹ tó lo orúkọ kankan, ẹ jọ̀wọ́, ẹ pe orúkọ méjèèjì, ti Ẹ̀gbọ́n àti tèmi, sétí àwọn abiyamọ bíi mélòó kan tó bá gbé ọmọ wá gba àjẹsára, kí ẹ bi wọ́n léèrè ohun tí wọn á kọ́kọ́ ṣe bí wọ́n bá gbọ́ pé ó ń ṣe ọmọ wọn. Ẹ bá wa kọ èsì wọn síbí bí wọ́n bá ṣe sọ ọ́ gẹ́lẹ́.