Ẹ̀yin tó ti dé Kúbà, ọwọ́ ta ni owó àlejò ń bọ́ sí?

Ọmọ Ìbàdàn ní London
Ẹ kú ilé o. Ẹnì kan bi mí lánàá bóyá òótọ́ ni pé onítakisí ń rówó ju dókítà lọ ní Kúbà. Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí ojú mi rí.

Ọdún 2018 ni mo lọ sí Havana. Ilé onílé ni mo dé sí, casa particular ni wọ́n ń pè é. Àmì búlúù ló ń wà lẹ́nu ọ̀nà ilé tó bá ń gba àlejò òkè òkun. Ìyá tó ni ilé ti ṣe tíṣà rí. Ọmọ rẹ̀ ọkùnrin ló wá gbé mi ní pápákọ̀ òfurufú, nínú Chevrolet kan tí èmi àti ẹ̀ ò lè jọ ṣe ẹgbẹ́. Mo san 30 CUC, ìyẹn 30 dọ́là. Alẹ́ ọjọ́ náà la ń jẹun, ni ọmọ ìyá obìnrin, tó jẹ́ dókítà, bá sọ pé owó oṣù òun ò ju nǹkan bíi 60 dọ́là lọ. Ìrẹsì àti ẹ̀wà dúdú ń bẹ níwájú mi, kò wá lọ lọ́fun mi mọ́.

Owó méjì ni wọ́n ń ná nígbà yẹn. Péṣò ni ìjọba fi ń san owó oṣù. CUC, tí wọ́n pa rẹ́ ní 2021, ni ti àlejò, ọ̀kan rẹ̀ sì tó nǹkan bíi péṣò 24. Nígbà tí Soviet Union, oníbàárà ṣúgà wọn, túká ní 1991 ni wọ́n yíjú sí àlejò. Ẹni tí ọwọ́ rẹ̀ ò bá kan àlejò, péṣò ni yóò máa kà.

Èyí tó pa mí lẹ́rìn-ín ni ti ìyá kan tó wọ aṣọ funfun ní Plaza de la Catedral, sìgá ńlá lẹ́nu. Mo ní ọmọ Yorùbá ni mí. Ó dì mọ́ mi, ó bẹ̀rẹ̀: "Omi tuto, ona tuto, tuto ilé." Omi tútù, ọ̀nà tútù! Omijé bọ́ lójú mi. Ó dúró kí n nujú tán, ló bá na ọwọ́: owó fọ́tò, 5 CUC. Mo san o.

Ìyá Ìbejì
Ẹ̀gbọ́n, ìgbà tó dùn lẹ lọ. Àlejò bíi mílíọ̀nù 4.7 ló wọ Kúbà lọ́dún yẹn. Ìparí 2024 lèmi lọ, ọdún tí wọn ò rí ìdajì rẹ̀. Amẹ́ríkà ti ní kí ọkọ̀ òkun arìnrìn-àjò wọn má gúnlẹ̀ síbẹ̀ mọ́ láti 2019, Kòrónà tẹ̀ lé e, iná gbogbo orílẹ̀-èdè sì kú pátápátá ní oṣù kẹwàá. Onítakisí tó gbé mi ní èmi lẹni àkọ́kọ́ láàárọ̀ ọjọ́ náà. Agogo mẹ́rin ìrọ̀lẹ́ ti lù! Ẹ gbé oògùn ibà àti ọṣẹ dání bí ẹ bá ń lọ, wọ́n á ṣàdúrà fún yín.

Bàbá Káfíńtà
Varadero ni tèmi, etíkun ni, òtẹ́ẹ̀lì ajẹ-gbogbo-ẹ̀. London ni mo ti sanwó tán kí n tó wọ bàálù, ọjọ́ méje, mi ò ná kọ́bọ̀ lójú títì. Ohun tó bọ́ sọ́wọ́ ọmọ Kúbà kan tààrà ni ẹ̀bùn tí mo fún obìnrin tó ń tún yàrá ṣe. Ẹnjiníà ló kọ́. Ó ní títí di 2008, ọmọ onílẹ̀ ò gbọdọ̀ sùn nírú òtẹ́ẹ̀lì bẹ́ẹ̀. Bàtà mi ni mo fi sílẹ̀ fún un fún ọkọ rẹ̀.

Ìyá Ìbejì
Ẹ̀gbọ́n Ìbàdàn, dókítà yẹn ńkọ́?

Ọmọ Ìbàdàn ní London
Ó ti wà ní Spéènì, arúgbó ló ń tọ́jú níbẹ̀. Màmá ṣì ń pè mí lórí WhatsApp, bí iná bá wà.